Ibi Tí A Ń Fi Orin Da Èéfín Sí

Ẹ̀yin ọmọ mi, mo máa ń rí yín bí ẹ ṣe ń fi etí aṣọ bo imú nígbà tí ẹ bá ń ti títì bọ̀. Ẹ máa bò ó, ẹ ò ṣẹ̀. Ṣùgbọ́n ìgbà kan wà nínú ìlú Ìlọrin yìí tí ẹni tí èéfín bá ń dà láàmú kì í bo imú. Ó máa ń ránṣẹ́ pè wá ni.

"Ẹ bá wa pe àwọn Adaríèéfín wá," báyìí ni wọ́n máa ń wí, bí ìgbà tí èèyàn bá ní kí wọ́n lọ pe onígbàjámọ̀. Kò sí ìyanu kankan níbẹ̀ lójú ẹnikẹ́ni. Iṣẹ́ ni, bí aṣọ híhun ṣe jẹ́ iṣẹ́, bí ìkòkò mímọ ṣe jẹ́ iṣẹ́. A ó wá, àwa obìnrin mẹ́ta tàbí mẹ́rin, a ó dúró sí apá ibi tí afẹ́fẹ́ ti ń fẹ́ wá, a ó kọrin, èéfín yóò sì gbéra kúrò ní agbolé náà. Ẹ ń rẹ́rìn-ín. Ẹ rín in dáadáa. Ohun tí ojú kò bá rí rí, ẹ̀rín ni í kọ́kọ́ pani.

Èéfín kì í gbọ́ ọ̀rọ̀, ohùn ló ń gbọ́. Ohun àkọ́kọ́ tí wọ́n fi kọ́ mi nìyẹn. A máa kọ́kọ́ pè é: ìkùn lásán ni, a ó pa ẹnu dé, a ó máa kùn láti inú àyà, títí èéfín yóò fi dẹ ìrìn bí ẹni tó gbọ́ tí wọ́n ń dárúkọ òun lẹ́yìn. Lẹ́yìn náà a ó dì í. Ohùn tó nípọn á wà nísàlẹ̀, ohùn tó tín-ín-rín á máa lọ́ mọ́ ọn lókè, èéfín tó fọ́n káàkiri yóò kó ara rẹ̀ jọ bí okùn, á tóbi tó ìdí igi igbá. A ó wá máa rìn, okùn èéfín náà á máa tẹ̀lé wa lókè orí. Bí a bá dé ibi tí a fẹ́, a ó rẹ ohùn sílẹ̀ díẹ̀díẹ̀ títí yóò fi tú. Pípè, dídì, títú. Kò sí ìkẹrin.

Àwọn ìyá amọ̀kòkò ló bẹ̀rẹ̀ rẹ̀ láyé àtijọ́, nítorí pé ọjọ́ tí wọ́n bá ń sun ìkòkò, ilé gbogbo ni í sunkún. Láti ọ̀dọ̀ wọn ló ti dé ọ̀dọ̀ wa. Èéfín kọ̀ọ̀kan ló ní orin tirẹ̀, bó tilẹ̀ jẹ́ pé "dìde ká lọ" ni ègbè gbogbo wọn. Èéfín ìkòkò wúwo, ó fẹ́ kí èèyàn fà á pẹ̀lẹ́. Èéfín ibi tí wọ́n ti ń se irú máa ń lẹ̀ mọ́ ara ògiri, o ní láti tàn án bí ọmọ tí kò fẹ́ wẹ̀. Ti àwọn tó ń fún òróró ẹ̀pà ló dùn jù lọ lẹ́nu mi, ó máa ń ṣeré, bí o bá gbé orin sókè, á fò. Orin rẹ̀ nìyí, mi ò ní kọ ọ́, mo kàn ń sọ ọ̀rọ̀ rẹ̀ ni:

Má wọ yàrá, má yà sí gbàgede,
ẹni tó ń sùn ń bẹ nílé.
Ọ̀nà rẹ ń bẹ lókè, ó mọ́, ó fẹ̀,
dìde ká lọ, dìde ká lọ.

Àdúgbò Gàmbàrí ni a ti ń kọ́ ọ, ní agbolé Ìyá Sàlámátù. Òun ni Ìyá Ohùn, olórí wa. Obìnrin tẹ́ẹ́rẹ́ ni, kò ga, ẹni tí kò bá mọ̀ ọ́n á rò pé kò lè pe adìẹ wálé. Ọdún méjì gbáko ni mo fi kùn lórí ìkòkò èédú kékeré kan kí ó tó jẹ́ kí n ya ẹnu mi. Omi tútù di èèwọ̀. Igbe kíké di èèwọ̀. Bí mo bá fẹ́ bá àwọn ọmọ mi wí, ojú ni mo fi ń bá wọn wí, wọ́n sì bẹ̀rù ojú náà ju ẹgba lọ.

Lọ́jọ́ tí mo kọ́kọ́ dá èéfín dì fúnra mi, ẹ̀yìnkùlé ilé ọkọ mi ni. Aládùúgbò kan ń yan ẹran, èéfín rẹ̀ ò tó nǹkan. Mo dì í, ó dì. Inú mi dùn ju bó ṣe yẹ lọ. Bí mo ṣe ní kí n gbé e kọjá lórí òrùlé, ikọ́ mú mi. Ẹ̀ẹ̀kan péré ni mo kọ́. Èéfín wọ yàrá ìyá ọkọ mi, níbi tó tẹ́ aṣọ tó fẹ́ wọ̀ lọ́jọ́ Iléyá sí, tó ti ń fi tùràrí fín in láti àárọ̀. Ìyá jáde, ó wò mí lókè, ó wò mí nílẹ̀. Ó ní, "Ìyàwó, wàláhì, ohùn rẹ dára. Inú oko ni kí o ti máa lò ó."

Ọjọ́ Iléyá gan-an ni ọjọ́ wa. Ẹ̀yin tí ẹ̀ ń lo gáàsì báyìí ẹ ò lè mọ̀ ọ́n. Bí wọ́n bá ti kírun tán, tí wọ́n ti dúńbú àgbò, gbogbo agbolé á dáná lẹ́ẹ̀kan náà, ìlú á ṣú bí ẹni pé òjò fẹ́ rọ̀. Àwa nígbà náà ò ju mẹ́tàlélógún lọ, a ó pín ara wa sí àdúgbò. Ẹ ó gbọ́ ìkùn láti Gàmbàrí, ìkùn á dá a lóhùn láti òkè lọ́hùn-ún, okùn èéfín á máa yọ lókè ilé ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, wọ́n á pàdé, wọ́n á di ọ̀kan. Àwọn ọmọdé á máa sáré tẹ̀lé e nísàlẹ̀, wọ́n á máa pariwo pé, "Ó ń lọ o! Ó ń lọ o!" Àfáà kan bi Ìyá Sàlámátù léèrè rí pé kí ló ń pè sínú orin yẹn. Ó ní, "Àfáà, Bísímílà la fi ń bẹ̀rẹ̀, Alíhámúdù la fi ń parí, èéfín nìkan la ń bá wí láàárín." Àfáà rò ó títí, ó ní bó bá jẹ́ bẹ́ẹ̀, kí wọ́n má gbàgbé àdúgbò tòun.

Ibo la ń kó o lọ? Ẹ ò béèrè. Kò sẹ́ni tó ń béèrè nígbà náà náà. Ẹ jẹ́ kí n máa bọ̀ níbẹ̀.

Obìnrin kan wá bá wa tí kì í ṣe ọmọ ìlú. Ará Ọ̀mù-Àrán ni, ó ń ṣiṣẹ́ olùkọ́, ó ń gbé ní àdúgbò Basin. Tíṣà la ń pè é. Ọmọ rẹ̀ kan wà tí kì í mí gaara, tí ọyẹ́ bá dé, inú ìbẹ̀rù ni ìyá àti ọmọ ń gbé. Ó ti gbọ́ nípa wa. Ó dúró lẹ́nu ọ̀nà Ìyá Sàlámátù pẹ̀lú báàgì ìwé léjìká, ó ní, "Ẹ ṣe mí ní jẹ́jẹ́, ọmọ ṣọ́ọ̀ṣì ni mí, mi ò mọ̀ bóyá ẹ lè gbà mí." Ìyá Sàlámátù ní kó kùn. Tíṣà kùn. Ohùn abẹ́ tí wọ́n fi ń gbé orin ró nínú ṣọ́ọ̀ṣì ló fi kùn, ilẹ̀ yàrá fẹ́rẹ̀ẹ́ gbọ̀n. Ìyá Sàlámátù ní, "Èéfín ò béèrè ẹ̀sìn lọ́wọ́ ẹnikẹ́ni. Wọlé, jókòó." Èmi àti Tíṣà di ọ̀rẹ́ láti ọjọ́ náà.

Ayé wá le. Ìgbà Sáàpù ni, ètò ìjọba tó mú kí gbogbo nǹkan wọ́n. Igi ìdáná wọ́n, àwọn èèyàn bẹ̀rẹ̀ sí í fi ohunkóhun dáná: táyà, bàtà rọ́bà, náílọ̀n. Jẹnẹrétọ̀ ń pọ̀ sí i. Èéfín tuntun dé, èéfín tí kò ní ìyá tí kò ní bàbá. O máa pè é, kò ní yíjú. O máa dì í, á máa yọ́ bọ́ lọ́wọ́ rẹ bí ẹja. Orin tí obìnrin méjì ń kọ tẹ́lẹ̀ wá ń gba obìnrin mẹ́jọ. Bí a bá délé, ọ̀fun wa á máa ta wá, itọ́ wa á dúdú.

Èyí tó burú jù lọ ni ti iléeṣẹ́ fóòmù kan tí Alájì kan dá sílẹ̀ létí ìlú. Tìmùtìmù ni wọ́n ń ṣe. Ọkọ mi, Ràímì, ń ṣiṣẹ́ níbẹ̀, ó sọ fún mi pé ìdí ẹ̀rọ lòun wà. Àjákù fóòmù tó bá ṣẹ́ kù, wọ́n ń dáná sun ún lẹ́yìn ilé ní àràárọ̀. Èéfín rẹ̀ dúdú, ó tún ń yí sí àwọ̀ ìyeyè, ó sì máa ń wá sí Gàmbàrí tààrà. Àwọn ọmọ ilé kéwú ò lè ka wálà wọn mọ́, ikọ́ ni wọ́n ń kọ́ láti ìbẹ̀rẹ̀ súrà dé òpin. Alájì fúnra rẹ̀ ló ránṣẹ́ sí wa. Kì í ṣe èèyàn burúkú. Ó ní, "Ẹ̀yin ìyá mi, ìlú ti ń bínú sí mi. Ẹ bá mi gbé e kúrò lójú wọn." Ó ń fi ìrẹsì ránṣẹ́ sí wa nígbà ọdún, ó ń kí wa bí ìyá rẹ̀. A sì ń bá a gbé e. Ní àràárọ̀, lẹ́yìn tí mo bá ti fún àwọn ọmọ ní ẹ̀kọ mímu àti àkàrà, àwa mẹ́wàá á lọ dúró lẹ́yìn iléeṣẹ́ náà, a ó di èéfín fóòmù, a ó sìn ín gba ọ̀nà Malete, a ó dúró níbi tí oko ìlú pin, a ó fi orin tì í lọ síwájú, orin á bá a lọ lókè, a ó wá tú u sílẹ̀ lórí igbó tí a ń wò lọ́ọ̀ọ́kán.

Ìyẹn ni ìdáhùn sí ohun tí ẹ ò béèrè. Igbó la ń kó o lọ. Lójú tiwa, igbó ni.

Ó tó ọdún mẹ́ta tí a ti ń ṣe bẹ́ẹ̀. Lọ́jọ́ Jímọ̀ kan, lẹ́yìn ìrun, a jókòó sí gbàgede Ìyá Sàlámátù, obìnrin kan wọlé. Ìró rẹ̀ ti gbó, bàtà rẹ̀ kún fún ekuru, ọmọbìnrin bí ọmọ ọdún mẹ́fà kan wà lọ́wọ́ rẹ̀. Ó kúnlẹ̀, ó kí wa dáadáa. Ó ní Bùdó Àgbọ̀nrín lòun ti wá, abúlé kan ní ọ̀nà Malete.

Ìyá Sàlámátù ní, "Ìyá ọmọ, ẹ dìde. Èéfín kí ló ń dà yín láàmú?"

Obìnrin náà ò dìde. Ó ní, "Ìyá, èéfín tiyín ni."

A ò gbọ́ ọ yé. Ó yíjú sí ọmọ náà. Ó ní, "Ràmátù, kọ ọ́ fún wọn."

Ọmọ náà la ẹnu. Orin tí a fi ń di èéfín fóòmù ló kọ, láti ìbẹ̀rẹ̀ títí dé ibi tí a ti ń rẹ ohùn sílẹ̀. Kò ṣì í. Ó tilẹ̀ mú ohùn abẹ́ Tíṣà níbi tó yẹ kó mú un. Orin náà a kì í kọ ọ́ nílé, a ò kọ́ ọmọ kankan, ọdún mẹ́ta péré ni a sì ti dá a. Bó ṣe parí rẹ̀, ikọ́ gbé e. Ó kọ́ títí ó fi di ògiri mú.

Ìyá rẹ̀ ní, "Orin ló máa ń kọ́kọ́ dé. A máa gbọ́ ọ lójú ọ̀run bí ẹni pé àwọn obìnrin ń bọ̀ láti oko. Àwọn ọmọ wa á jáde, wọ́n á máa gbè é. Lẹ́yìn náà ni èéfín á sọ̀ kalẹ̀. Ẹ̀gẹ́ wa ti dúdú. Igi igbá wa kò so mọ́. Àbúrò Ràmátù, ọmọ oṣù mẹ́jọ, ó ti lọ. Mi ò wá bá yín jà. Mo kàn ní kí n wá wo ojú àwọn tó ń kọrin."

Kò sẹ́ni tó lè búra pé èéfín wa ló pa ọmọ oṣù mẹ́jọ náà. Kò sì sẹ́ni tó lè búra pé kì í ṣe èéfín wa. Báyìí náà ni mo ṣe ń sọ ọ́ láti ọjọ́ yẹn, mi ò fi kún un, mi ò yọ níbẹ̀.

Ìyá Sàlámátù ò sọ pé irọ́ ni. Kò sì sọ pé òótọ́ ni. Ó ní òun fẹ́ lọ rí i. Lọ́jọ́ Ajé, ó fi àwọn tó kù sílẹ̀ kí wọ́n ṣe iṣẹ́ àárọ̀ bí ìṣe wa, òun, èmi àti Tíṣà bá wọ bọ́ọ̀sì tó ń lọ sí Malete, a sọ̀ lójú ọ̀nà, a fẹsẹ̀ rìn wọ inú lọ. Ilé mẹ́sàn-án ni Bùdó Àgbọ̀nrín. Àwọn kan ń gbin nǹkan, àwọn kan ń bọ́ ewúrẹ́. Wọ́n fún wa ní omi, wọ́n tẹ́ ẹní fún wa lábẹ́ igi. Kò sẹ́ni tó bú wa. Ó ì bá rọrùn bó bá jẹ́ pé wọ́n bú wa.

Ilẹ̀ ò tíì gbóná tán tí mo fi gbọ́ orin wa. Ẹ gbọ́, ẹni tó ń kọrin kì í gbọ́ orin ara rẹ̀ bí ẹlòmíràn ṣe ń gbọ́ ọ. Ó dún láti òkè, ó dára dé ibi pé ara mi bù máṣọ. Mo mọ ohùn kọ̀ọ̀kan. Àwọn ọmọ abúlé náà sá jáde sí gbangba, wọ́n ń jó, wọ́n ń gbè é pé, "Dìde ká lọ, dìde ká lọ." Okùn dúdú náà yọ lórí igi, ó tẹ́ pẹrẹsẹ lójú ọ̀run, ohùn rẹlẹ̀, ó tú. Òórùn rẹ̀ kọ́kọ́ dé. Lẹ́yìn náà, a ò rí ara wa mọ́. Mo gbọ́ tí àwọn ìyá ń pe ọmọ wọn wọlé ní ọ̀kọ̀ọ̀kan, bí èèyàn ṣe ń pe ewúrẹ́ nígbà tí òjò bá ṣú. Ó ti mọ́ wọn lára.

Mo fẹ́ kùn. Àṣà ni, ara mi ti mọ̀ ọ́n. Ìyá Sàlámátù di ọwọ́ mi mú nínú òkùnkùn náà. Ó ní, "Ibo lo fẹ́ kó o lọ?"

Mo gbé ìkùn náà mì.

Tíṣà ń sunkún lẹ́gbẹ̀ẹ́ mi. Ó ní ọmọ òun ti ń mí gaara ní Basin láti ọdún mẹ́ta, gbogbo ìgbà lòun sì ń dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run.

Nígbà tí a padà délé, ìpàdé tí a ṣe kò tutù. Àwọn kan ní ta la fẹ́ kí ó pa, ṣé ọmọ Gàmbàrí ni, àwọn náà kì í ṣe ọmọ èèyàn? Àwọn kan ní ká wá igbó mìíràn. Tíṣà ní, "Ta ló ń gbé inú igbó mìíràn?" Ìyá Sàlámátù jẹ́ kí gbogbo wọn sọ̀rọ̀ tán. Ó ní, "Ẹni tó da eérú ni eérú ń tọ̀. Àwa la ń dí eérú lọ́wọ́. Láti ọ̀la lọ, a ò ní sin èéfín yẹn lọ sí ibì kankan. A máa dì í, kó dúró sórí ibi tó ti wá."

Ní ìrọ̀lẹ́ ọjọ́ náà mo sọ fún Ràímì. Mo ní, "Bàbá Wàhábù, ẹ má lọ síbi iṣẹ́ lọ́la. Èéfín ò ní kúrò níbẹ̀ o." Mo sọ ìdí rẹ̀ fún un, mo sọ ti Ràmátù, mo sọ ti àbúrò rẹ̀. Ó gbọ́ gbogbo rẹ̀ tán. Ó ní, "Mo gbọ́." Ní òwúrọ̀ ó gun kẹ̀kẹ́ rẹ̀, ó lọ.

Àwa mẹ́tàlélógún la jáde. A yí iléeṣẹ́ náà ká láti ìta. Bí èéfín ṣe dìde, a pè é, a dì í, a wá gbà á mú síbẹ̀ bí òpó. Dídì rọrùn, dídúró lójú kan ló le. Èéfín fẹ́ lọ, ó ti mọ ọ̀nà rẹ̀. Bí ẹnì kan bá mí, ẹlòmíràn á gbà á lẹ́nu rẹ̀. Títí di ìrun àìlá la fi dúró. Òpó náà ń tóbi, ó ń wúwo, ó wá ń sọ̀ kalẹ̀ sínú ọgbà iléeṣẹ́. Àwọn òṣìṣẹ́ ń jáde, wọ́n ń nu ojú. Mi ò rí Ràímì láàárín wọn.

Ní ọjọ́ kejì, Alájì jáde wá bá wa, ó fi áńkáṣíìfù bo imú. Ó ní, "Ìyá, kí ni mo ṣe yín? Ẹ ní ẹ fẹ́ kí n ṣe òrùlé ilé kéwú yín, mo ṣe é."

Ìyá Sàlámátù fi ọwọ́ sọ fún wa pé kí a má dákẹ́. Òun nìkan ló jáde nínú orin. Ó ní, "Alájì, ẹ ò ṣe wá ní nǹkan kan. Ẹ jọ̀ọ́, níbo ni ẹ fẹ́ kí a gbé e lọ?"

"Ibikíbi! Ọlọ́run fún wa ní ilẹ̀ tó pọ̀."

"Ẹ dárúkọ ọ̀kan. Ẹ dárúkọ ibi tí ẹ ò ní bẹ̀rù láti kọ́ ilé yín sí, kí a gbé e lọ síbẹ̀ báyìí."

Alájì wo ilẹ̀. Ó ní òun máa kọ́ símínì, ọ̀pá ihò èéfín tó ga ju gbogbo ilé Ìlọrin lọ. Ó ní, "Sùúrù ni kí ẹ ṣe."

"Bó bá ga tó ọ̀run, Alájì, ṣé kò ní sọ̀ mọ́ ni?"

Ó yípadà, ó wọlé. Ìyá Sàlámátù padà sínú orin, ó wá gba apá tó wúwo jù lọ, apá tó jẹ́ tirẹ̀. Nígbà tó ku díẹ̀ kí á lọ kírun Alásárì, mo gbọ́ tí ohùn rẹ̀ já. Kò dún bí ikọ́. Ó dún bí okùn tí wọ́n fi ń fa omi nínú kànga nígbà tó bá já. Ó ṣì ń ya ẹnu, ohùn ò jáde. A gbé e lọ sílé. Láti ọjọ́ yẹn títí tó fi kú lẹ́yìn ọdún mẹ́sàn-án, etí ẹni ni í fi ẹnu sí kí a tó gbọ́ ohun tó ń sọ.

Ní ọjọ́ kẹta, a jáde láìsí i. Ẹ̀rù ń bà wá, kí n má purọ́. Láìsí ohùn Ìyá Sàlámátù, a mọ̀ pé èéfín yẹn á bọ́ lọ́wọ́ wa kí oòrùn tó mú. A dúró. Tíṣà bẹ̀rẹ̀ ìkùn, mo gbà á, àwọn tó kù gbà á. A ń kùn, a ń wo ẹ̀yìn ilé náà. Kò sí èéfín. A kùn títí, kò sí. Nígbà tó pẹ́, a gbọ́ ariwo nínú ọgbà, ìbínú ló wà nínú ohùn tó ń pariwo náà. Lẹ́yìn náà, gbogbo rẹ̀ dákẹ́. A rò pé Alájì ti gbà. A wólẹ̀, a dúpẹ́, àwa onímàle lọ́nà tiwa, Tíṣà lọ́nà tirẹ̀.

Wọn ò sun àjákù níbẹ̀ mọ́ lóòótọ́. Lẹ́yìn ọ̀sẹ̀ kan, Alájì bẹ̀rẹ̀ sí í kó àjákù náà fún àwọn tó ń ṣe ìrọ̀rí. Iléeṣẹ́ náà ṣì ṣiṣẹ́ fún ọdún díẹ̀ kí ó tó kógbá wọlé bí ọ̀pọ̀lọpọ̀ iléeṣẹ́ ìgbà náà.

Àwa náà kógbá wọlé. Kò sẹ́ni tó fòfin dè wá. Bí wọ́n bá pè wá, a ó lọ, a ó dúró, a ó bi ara wa pé níbo, kò ní sí ìdáhùn, a ó sì padà sílé. Iṣẹ́ wa kò pa èéfín kan rí, gbígbé kiri la ń gbé e. Nígbà tí àwa mẹ́tàlélógún pàdé kẹ́yìn ní gbàgede Gàmbàrí, Ìyá Sàlámátù fi ẹnu sí mi létí kí n sọ fún wọn: kí ẹnikẹ́ni má kọ́ ọmọ rẹ̀. A gbà. Ẹ má bẹ̀ mí, mi ò ní kọ́ yín.

Ẹ ń béèrè Ràímì. Ní ọjọ́ kẹta yẹn, oòrùn ò tíì wọ̀ tí mo fi bá a nílé. Ó jókòó sórí àpótí, ó ti bọ́ aṣọ iṣẹ́ rẹ̀, ó ká a sórí orúnkún. Mo ní, "Ẹ tètè dé."

Ó ní, "Wọ́n lé mi."

Mo jókòó. Mo rò pé nítorí mi ni, nítorí pé ìyàwó rẹ̀ wà nínú àwọn tó ń kọrin. Mo bẹ̀rẹ̀ sí í bẹ̀ ẹ́.

Ó ní, "Dákẹ́, gbọ́ mi. Mo sọ fún ẹ pé ìdí ẹ̀rọ ni mo wà. Kì í ṣe ìdí ẹ̀rọ. Èmi ni mo ń dá iná àjákù yẹn. Láti ọjọ́ tí wọ́n ti gbà mí."

Mo dìde, mo tún jókòó.

"Mo dá a lánàá, mo dá a níjẹta, bó o tilẹ̀ ti sọ fún mi. Mo ní iṣẹ́ ni. Láàárọ̀ yìí mo mú ìṣáná, mo wá gbọ́ ìkùn yín. Mo gbọ́ tìrẹ nínú rẹ̀. Ọwọ́ mi kọ̀. Ọ̀gá ní kí n ṣá a, mo ní mi ò ṣá." Ó wo ọwọ́ rẹ̀. "Èmi ń dá a, ìwọ ń gbé e lọ. Yàrá kan náà la ti ń jáde láàárọ̀, àwa méjèèjì."

Lọ́jọ́ kejì, ó gun kẹ̀kẹ́ rẹ̀ láti àárọ̀. Bùdó Àgbọ̀nrín ló lọ. Ó padà nígbà tí wọ́n ń pe Mọ̀gàríbì, ó ní òun ti lọ jẹ́wọ́ fún wọn. Ó tún lọ lọ́sẹ̀ tó tẹ̀lé e. Lẹ́yìn oṣù díẹ̀, àwọn àgbà ibẹ̀ ya ilẹ̀ kan fún un pé kó máa dáko. Ó dáko náà títí tó fi jáde láyé. Ibi tí a ti ń tú èéfín sílẹ̀ gan-an ni wọ́n fún un. Iṣu ibẹ̀ kì í tóbi. A ń jẹ ẹ́ bẹ́ẹ̀.